Ọmọdé Nínú Ìlú Tí Ogun Ń Jà

Ọ̀rọ̀ ọmọdé ni a fẹ́ sọ lónìí, ọmọdé tó ń jí, tó ń jẹun, tó ń ṣeré, tó sì ń sùn nínú ìlú tí ogun ń jà. Ṣùgbọ́n a kò ní í ti ọ̀nà jíjìn bẹ̀rẹ̀. Àṣìṣe tí àwa fúnra wa ṣe nínú ilé yìí ni a ó fi bẹ̀rẹ̀.

Ní ọdún 2004, ìyá àgbà kan mú ọmọ-ọmọ rẹ̀ obìnrin wá síbi àsè wa. Ọmọ Liberia ni wọ́n. Ogun ló lé wọn kúrò nílé. Wọ́n pẹ́ ní àgọ́ Buduburam ní orílẹ̀-èdè Ghana, níbi tí wọ́n ti ń gba àwọn tó sá ogun Liberia láti ọdún 1990, kí wọ́n tó kó wọn wá sí Clarkston, nítòsí wa níbí. Aládùúgbò wọn tó jẹ́ ọmọ ẹgbẹ́ wa ló pè wọ́n. Ọmọ náà kò ju ọmọ ọdún 7 lọ. A bu oúnjẹ fún gbogbo ọmọdé. Ó jẹ díẹ̀, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó fi bébà wé àkàrà 3, ó sì kì í bọ inú àpò aṣọ rẹ̀. Ọ̀kan nínú wa rí i, ó sì kígbe pé, "Kí lo ń jí kó yẹn?" Àwọn kan rẹ́rìn-ín. A ní kí ó kó o jáde níwájú àwọn ọmọ yòókù. Ọmọ náà kò sunkún. Ó tú bébà náà, ó to àkàrà padà sórí àwo ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Lẹ́yìn náà ó ká bébà náà, ó sì fi í pa mọ́.

Ìyá àgbà náà kò bá wa jà. Ó rọra sọ fún wa pé, "Ẹ má bínú sí i. Èmi ni mo kọ́ ọ. Níbi tí a ti wá, ẹni tí kò bá fi díẹ̀ pa mọ́ lónìí lè má rí nǹkan jẹ lọ́la." Wọ́n jẹun tán, wọ́n dúpẹ́, wọ́n lọ. Wọn kò padà wá mọ́. Nígbà tí ara wa wálẹ̀ tí a lọ wá wọn láti tọrọ àforíjì, wọ́n ti kó kúrò ní ilé náà, kò sì sí ẹni tó mọ ibi tí wọ́n kó lọ.

Ẹ̀yin ará, ohun tí a pè ní olè, ẹ̀kọ́ ilé ni. Ọmọ náà ń ṣe ohun tí àgbà rẹ̀ kọ́ ọ, bí a ti ń kọ́ àwọn ọmọ tiwa kí wọ́n kúnlẹ̀ kí àgbà. Láti ọjọ́ náà ni a ti ń bi ara wa pé: báwo ni ọjọ́ kan ṣe ń rí fún ọmọdé nígbà ogun? A ka ìwé, a béèrè lọ́wọ́ àwọn tó mọ̀. A sì rí i pé kò pọn dandan kí a sọdá òkun kí a tó rí ìdáhùn. Orí ilẹ̀ tí a jókòó sí yìí gan-an ni ìdáhùn àkọ́kọ́ wà.

Ní ọdún 1864, ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà dé Atlanta. Láti ọjọ́ 20 oṣù keje títí di ìparí oṣù kẹjọ ni àwọn ọmọ ogun Ọ̀gágun Sherman fi ń yin àgbá lu ìlú yìí. Ọmọbìnrin aláwọ̀ funfun kan wà nínú ìlú tó ń jẹ́ Carrie Berry. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún náà ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìwé ìrántí ojoojúmọ́. Ní ọjọ́ kẹta oṣù náà ó pé ọmọ ọdún 10. Kò sí kéèkì ọjọ́ ìbí, nítorí nǹkan le. Aṣọ lílọ̀ ni ó fi ọjọ́ náà ṣe, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun ń retí kí àlàáfíà ti dé kí ọjọ́ ìbí mìíràn tó pé. Ẹni tó bá ka ìwé náà yóò rí i pé ọ̀rọ̀ ogun àti ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ilé dà pọ̀ mọ́ra: ó ń hun ìbọ̀sẹ̀, ó ń tọ́jú àbúrò rẹ̀, wọ́n ń sáré wọ yàrá abẹ́ ilẹ̀ nígbà tí ọta àgbá bá ń bọ́ yí ilé wọn ká. Ìlú bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọmọ ogun Àríwá ní ọjọ́ kejì oṣù kẹsàn-án. Wọ́n lé ọ̀pọ̀ ará ìlú jáde. Ìdílé Carrie dúró, iná oṣù kọkànlá sì jó ìlú ní ìṣojú wọn. Ìwé náà wà títí di òní, àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ sì ń kà á.

A kò bá Carrie jà. Ọmọdé ni, òun kọ́ ló dá ogun sílẹ̀. Àmọ́ a ní láti béèrè pé: àwọn ọmọ tiwa ńkọ́? Ní ìkànìyàn ọdún 1860, ènìyàn 9,554 ni wọ́n kà ní Atlanta. Nínú wọn, 1,914 jẹ́ ẹrú. Àwọn aláwọ̀ dúdú tó jẹ́ olómìnira kò ju 25 lọ. Ọmọdé wà nínú àwọn ẹrú wọ̀nyẹn. Àwọn náà gbọ́ ìró àgbá, àwọn náà pa ebi mọ́nú. Ta ló fún wọn ní bébà àti gègé? Láti ọdún 1829 ni òfin Georgia ti ka kíkọ́ ẹrú ní ìwé léèwọ̀. Nítorí náà, ìwé ọmọ tí ilé rẹ̀ ní ẹrú wà lọ́wọ́ wa, ìwé ọmọ ẹrú kò sí. Lára àwọn aláwọ̀ dúdú tó kú nínú yíyin àgbá náà, a mọ orúkọ Solomon Luckie, onígbàjámọ̀, ọkùnrin olómìnira tí ẹ̀rún ọta bá lẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó fìtílà kan ní àárín ìlú. Àgbàlagbà ni òun. Orúkọ àwọn ọmọdé kò dé ọ̀dọ̀ wa.

Síbẹ̀, ọmọ kan wà ní Georgia yìí tó sọ ìtàn tirẹ̀. Susie ni orúkọ rẹ̀, ẹni tí a wá mọ̀ sí Susie King Taylor. Wọ́n bí i sínú oko ẹrú ní Liberty County ní ọdún 1848. Nígbà tó tó bí ọmọ ọdún 7, ó lọ gbé lọ́dọ̀ ìyá àgbà rẹ̀ ní Savannah. Ìyá àgbà náà fẹ́ kí ọmọ mọ ìwé, bí òfin tilẹ̀ kọ̀. Obìnrin aláwọ̀ dúdú kan tó jẹ́ olómìnira ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìkọ̀kọ̀ nínú ilé rẹ̀. Láràárọ̀, Susie àti àbúrò rẹ̀ á fi bébà wé ìwé wọn kí ọlọ́pàá àti àwọn aláwọ̀ funfun má bàa rí i. Àwọn ọmọ kì í wọlé lẹ́ẹ̀kan náà, ọ̀kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń wọlé, ọ̀kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń jáde, kí àwọn aládùúgbò lè rò pé iṣẹ́ ọwọ́ ni wọ́n wá kọ́.

Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin ará. Ọmọ yẹn fi bébà wé ìwé, ọmọ ti wa yìí fi bébà wé àkàrà. Ìyá àgbà ló kọ́ àwọn méjèèjì. Ẹni tó bá rí bébà náà lọ́wọ́ ọmọ láìmọ ilé tó ti jáde wá, á kàn pè é ní ọ̀daràn ni.

Ní oṣù kẹrin ọdún 1862, nígbà tí àwọn ọmọ ogun Àríwá gba Fort Pulaski lẹ́nu odò Savannah, mọ̀lẹ́bí Susie kan kó o pẹ̀lú àwọn ará ilé rẹ̀ sá tọ̀ wọ́n lọ. Wọ́n dé erékùṣù St. Simons. Àwọn ọ̀gá ibẹ̀ rí i pé ó mọ ìwé kà, wọ́n sì ní kí ó máa kọ́ àwọn ọmọ yòókù. Kò tíì pé ọmọ ọdún 14. Ó ń kọ́ bí ọmọ 40 lójúmọ́, àwọn àgbà á sì wá lálẹ́. Lẹ́yìn náà ó bá ẹgbẹ́ ọmọ ogun aláwọ̀ dúdú lọ, ó ń fọ aṣọ wọn, ó ń tọ́jú àwọn tó fara gbọgbẹ́, ó ń kọ́ wọn ní ìwé nígbà tí ọwọ́ bá dilẹ̀. Ní ọdún 1902 ó tẹ ìwé ìrántí rẹ̀ jáde. Ní ọdún 2023, ìgbìmọ̀ ìlú Savannah dìbò pé kí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ gbàgede kan tó ti ń jẹ́ orúkọ Calhoun tẹ́lẹ̀, Calhoun tó fi gbogbo ẹnu gbèjà oko ẹrú. Ọmọ tó ń fi ìwé pa mọ́ ni wọ́n wá fi orúkọ rẹ̀ sọ ojúde ìlú.

Ẹ jẹ́ kí a tún rìn sẹ́yìn díẹ̀. Àwa tí a ń pe orúkọ àwọn baba ńlá wa, ẹ ti béèrè rí pé ọmọ ọdún mélòó ni wọ́n nígbà tí wọ́n fi ilé sílẹ̀? Púpọ̀ nínú àwọn tó kó èdè Yorùbá dé Cuba àti Brazil ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ogun ló kó wọn. Ọ̀yọ́ Ilé ń wó lọ, ìlú ń kó ìlú. Ọmọdé pọ̀ nínú wọn.

Ọ̀kan nínú wọn ni Àjàyí, ọmọ Òṣoògùn. Ní ọdún 1821, ó tó bí ọmọ ọdún 13. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, kí wọ́n tó jẹ oúnjẹ àárọ̀, ariwo ta pé ogun ti dé. Kí ilẹ̀ tó ṣú, okùn ti wà lọ́rùn rẹ̀, lọ́rùn ìyá rẹ̀ àti àwọn àbúrò rẹ̀. Ó tú ká mọ́ wọn lórí. Wọ́n fi í pààrọ̀ ẹṣin ní Ìsẹ́yìn, wọ́n tà á láti ọwọ́ dé ọwọ́ títí ó fi dé Èkó. Ó kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́yìn náà pé ìbànújẹ́ mú òun débi tí òun fi gbìyànjú láti gba ẹ̀mí ara òun lóru. Ọmọdé ni o! Ní oṣù kẹrin ọdún 1822 wọ́n kó o sínú ọkọ̀ ẹrú. Ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gba ọkọ̀ náà lójú òkun, wọ́n sì kó wọn lọ sí Freetown. Òun ni a wá mọ̀ sí Samuel Àjàyí Crowther. Ẹ̀yin lè sọ pé ẹ̀sìn mìíràn ló gbà, pé kò fẹ́ràn ohun tí àwa ń bọ. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ọmọ tí wọ́n so lọ́rùn láàárọ̀ ọjọ́ náà kò tíì jẹ́ bíṣọ́ọ̀bù ẹnikẹ́ni. Ọmọ ìyá rẹ̀ ni. Ọdún 25 ni kò fi fojú kan ìyá náà, kí wọ́n tó rí ara wọn ní Abẹ́òkúta ní ọdún 1846.

Ìkejì ni Àbákẹ́. Ọmọ nǹkan bí ọdún 2 ni nígbà tí àwọn ọmọ ogun Dahomey kó òun, ìyá rẹ̀ àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin. Ní ọdún 1860 wọ́n kó wọn wọ ọkọ̀ Clotilda, wọ́n sì já wọn sí Mobile ní Alabama, ìpínlẹ̀ tó bá wa pààlà yìí. Lórí ilẹ̀ yìí wọ́n tún ya ìdílé náà, àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kan lọ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Matilda McCrear ni orúkọ tí wọ́n wá ń pè é. Ní ọdún 1931, arúgbó tó ti lé ní ẹni 70 ọdún, ó fẹsẹ̀ rin nǹkan bíi máìlì 15 lọ sí kóòtù ní Selma láti béèrè owó ìtanràn fún ohun tí wọ́n ṣe sí i. Wọn kò fún un ní nǹkan kan. Ó kú ní ọdún 1940. Ẹ wò ó, ogun tó bá ọmọ ọdún 2 kò tíì parí nínú ara rẹ̀ títí ó fi di arúgbó.

Ẹ̀yin tí ẹ máa ń rò pé ogun jẹ́ nǹkan oṣù díẹ̀, ẹ rántí ogun Kírìjì láàárín Ìbàdàn àti Èkìtì Parapọ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1877. Wọ́n fọwọ́ sí ìwé àdéhùn ní ọdún 1886, síbẹ̀ àwọn àgọ́ kò tú tán títí di ọdún 1893. Ọmọ tí wọ́n bí ní ọdún tó bẹ̀rẹ̀ ti tó ẹni ọdún 16 kí wọ́n tó túká. Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ kò mọ ohun tí à ń pè ní àlàáfíà. Ogun ni ayé lójú rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ náà ló rí ní àkókò tiwa. Ogun Liberia bẹ̀rẹ̀ ní ìparí ọdún 1989, ó dáwọ́ dúró, ó tún bẹ̀rẹ̀, ó parí ní ọdún 2003. Ogun Sierra Leone bẹ̀rẹ̀ ní 1991, ó parí ní 2002. Nínú ogun méjèèjì wọ́n kó ìbọn lé ọmọdé lọ́wọ́, wọ́n fún wọn ní oògùn olóró, wọ́n rán wọn lọ pa ènìyàn. Nítorí èyí, àdéhùn àgbáyé kan bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù kejì ọdún 2002 tó ka fífi ipá mú ẹni tí kò tíì pé ọdún 18 wọ iṣẹ́ ogun léèwọ̀. Ní ọdún 2012, ilé ẹjọ́ tí wọ́n gbé kalẹ̀ fún ọ̀ràn Sierra Leone dá Charles Taylor, ẹni tó ti jẹ ààrẹ Liberia rí, lẹ́bi, wọ́n sì rán an lọ sẹ́wọ̀n 50 ọdún. Lílo ọmọdé lójú ogun wà lára ẹ̀ṣẹ̀ tí wọ́n kà sí i lọ́rùn. Ó yẹ kí àwọn ajìjàgbara àárín wa mọ èyí, kí ẹnikẹ́ni má sọ fún wa pé kò sí òfin. Òfin wà. Ẹni tí yóò máa fi í dá àwọn aláṣẹ lọ́rùn ni kò pọ̀ tó. Nígbà tí ogun mìíràn sì bẹ́ ní Sudan ní ọjọ́ 15 oṣù kẹrin ọdún 2023, àwọn ọmọdé ló tún kọ́kọ́ pàdánù ilé, oúnjẹ àti ilé ẹ̀kọ́.

Clarkston kò ju nǹkan bíi máìlì 10 lọ sí àárín ìlú Atlanta. Ó ti lé ní 30 ọdún tí wọ́n ti ń kó àwọn tó sá ogun wá síbẹ̀: ará Somalia, Sudan, Liberia, Congo, Bosnia, Burma. Ní ọdún 2004 tí àwa ń dójú ti ọmọ yẹn, obìnrin ará Jordan kan tó ń jẹ́ Luma Mufleh rí àwọn ọmọkùnrin kan tí wọ́n ń gbá bọ́ọ̀lù ní ibi ìgbọ́kọ̀sí nínú Clarkston kan náà. Ó bọ́ sílẹ̀, ó bá wọn gbá a, ó sì kó wọn jọ di ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù. Nígbà tó rí i pé ọ̀pọ̀ nínú wọn kò lè kàwé, ó dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ fún wọn. Ọdún kan náà, ìlú kan náà. Òun rí ọmọ, àwa rí olè.

Nítorí náà, kí ni a ó ṣe? Ẹ jẹ́ kí a sọ ọ́ bí a ti ń sọ ọ́ nílé.

Èkíní, bí ọmọ tó ti ojú ogun bọ̀ bá wá sáàárín wa, ẹ má ní kí ó sọ ìtàn ogun fún yín. Ẹ bi í bóyá ó ti jẹun. Ẹ bi í ohun tó fẹ́ràn láti máa ṣe. Bó bá fẹ́ sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ kan, etí yín ni kí ó bá.

Èkejì, kí a tó lu ìlù, kí a tó yin bàǹgà lọ́jọ́ ọdún, ẹ lọ sọ fún àwọn òbí wọn ṣáájú. Ìró tó jẹ́ ayọ̀ létí wa lè jẹ́ ikú létí ẹlòmíràn.

Ẹ̀kẹta, ẹ fún ọmọ náà ní iṣẹ́. Kì í ṣe àánú nìkan ni ó ń fẹ́. Ọmọ tó ti gbé àbúrò pọ̀n gba inú igbó kọjá lè bá wa to àga. Susie kò tíì pé ọdún 14 tó fi di olùkọ́.

Ẹ̀kẹrin, ẹ̀yin tí ẹ ní mọ́tò, ẹ̀yin tí ẹ mọ ìwé, àwọn ìdílé wà ní Clarkston tí wọn kò rí ẹni bá wọn ka lẹ́tà tó ti ilé ẹ̀kọ́ ọmọ wọn wá. Ní oṣù kìíní ọdún 2025, ìjọba Amẹ́ríkà dá ètò gbígbà àwọn tó sá ogun wọlé dúró. Àwọn ìdílé kan ń retí ọmọ wọn, àwọn ọmọ kan ń retí ìyá wọn. Àwa tí wọ́n ya ìdílé wa ní Òṣoògùn, tí wọ́n tún yà wá ní Alabama, a kò lẹ́nu láti dákẹ́ sí èyí. Ẹ kọ̀wé sí àwọn aṣojú yín, ẹ pè wọ́n, ẹ lọ bá wọn nínú ọ́fíìsì wọn.

Àwọn àgbà ní ojú kan ló ń bímọ, igba ojú ló ń wò ó. Lọ́jọ́ tí à ń sọ yìí, igba ojú wà nínú ilé, kò sí èyí tó wo ọmọ náà dáadáa.

Láti ìgbà náà, agbọ̀n kan wà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná wa. Ẹ ti rí i, ẹlòmíràn lè má mọ ìdí rẹ̀. Bí a bá ṣe àsè, a máa ń kó àkàrà, búrẹ́dì àti èso sínú rẹ̀, a sì máa ń fi bébà tó mọ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ọmọ tó bá fẹ́ wé oúnjẹ lọ sílé, kí ó wé e. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ bi í léèrè. A kò mọ̀ bóyá ọmọ 2004 yẹn ṣì wà nítòsí. Ó ti dàgbà báyìí, ó lè ti bímọ. Bó bá gba ẹnu ọ̀nà yìí wọlé lọ́jọ́ kan, a fẹ́ kí ó bá agbọ̀n náà níbẹ̀, kí ó kún.

Olódùmarè kò ní í jẹ́ kí ogun bá ọmọ wa, kò sì ní í jẹ́ kí ọmọ tí ogun bá níbòmíràn dé ọ̀dọ̀ wa kí ó tún bá ogun. Àṣẹ.